Mọ̀nàmọ́ná Lábẹ́ Iná Mọ̀nàmọ́ná

 Ọ̀rọ̀ tí ojú ewé yìí gbé wá lónìí lè ya àwọn kan lẹ́nu, nítorí pé nílé wa, bí ejò bá wọ yàrá, igi ni a ń sáré wá, a kì í wá ibùsùn fún un. Ṣùgbọ́n ìlú kò jọ ìlú. Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì níbí, nínú àwọn ilé tí akẹ́kọ̀ọ́ mẹ́rin márùn-ún jọ ń gbé, ẹni tí yàrá rẹ̀ kángun sí tiwa lè máa sin ejò nínú àpótí. Nígbà tí ìsinmi Kérésìmesì bá dé, tí ó fẹ́ lọ sọ́dọ̀ àwọn òbí rẹ̀, ta ni yóò fi ẹran rẹ̀ sílẹ̀ fún? Àwa ará òkèèrè tí a kò rí owó ọkọ̀ òfuurufú san ni yóò bẹ̀. Ẹni tí ó bá sì ti dáhùn pé kò burú, ẹ̀mí ti wà lọ́wọ́ rẹ̀ nìyẹn.

Ọ̀kan nínú àwọn ejò tí ó wọ́pọ̀ jù nínú irú àpótí bẹ́ẹ̀ kì í ṣe àjèjì sí wa rárá. Mọ̀nàmọ́ná ni, ejò sísanra tí àwọn Gẹ̀ẹ́sì ń pè ní royal python. Àwọn ará Amẹ́ríkà ń pè é ní ball python, nítorí pé bí ẹ̀rù bá bà á, yóò ká ara rẹ̀ jọ bíi bọ́ọ̀lù, yóò sì fi orí pamọ́ sí àárín. Kò ní oró, kò sì sábà gùn ju mítà kan ààbọ̀ lọ. Láti Senegal títí dé Uganda ni ó ti ń gbé inú igbó àti ọ̀dàn. Láti Tógò, Benin àti Gánà ni wọ́n ti ń kó wọn lọ sí Yúróòpù àti Amẹ́ríkà fún títà, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ọ̀pọ̀ ni a ń bí sínú àpótí níhìn-ín nísinsìnyí. Ẹ wá wo orúkọ rẹ̀: ejò tí ń jẹ́ mọ̀nàmọ́ná ti dé ibi tí iná mọ̀nàmọ́ná ti di ọlọ́jà ẹ̀mí rẹ̀. Bí iná bá kù díẹ̀, ó di àìsàn. Bí iná bá pọ̀ jù, ó di ikú.

Kí ló fà á? Ara ènìyàn dà bí ààrò tí iná kì í kú nínú rẹ̀. Oúnjẹ ni igi ìdáná rẹ̀, ooru inú rẹ̀ sì ń dúró sí nǹkan bí 37°C, ì báà jẹ́ ìgbà ọyẹ́, ì báà jẹ́ ìgbà ooru. Àwọn ẹran afàyàfà, bí ejò, alángbá, ìjàpá àti ọ̀nì, kò ní irú ààrò bẹ́ẹ̀. Òde ni wọ́n ti ń yá ooru. Ẹnikẹ́ni tí ó bá dàgbà nílé wa ti rí i láìmọ̀ pé ẹ̀kọ́ ni òun ń kọ́. Ní òwúrọ̀ kùtù, alángbá á wọ́ jáde pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, á gun ògiri tí ó kọjú sí oòrùn, á na ara lé e. Bí ara rẹ̀ bá ti yá, kò sí ọmọdé tí ó lè mú un mọ́. Nígbà tí oòrùn bá kan àtàrí, á wọ abẹ́ òjìji lọ. Kì í ṣe ìmẹ́lẹ́ ni ó ń ṣe lórí ògiri, ooru ni ó ń wọ̀n.

Ní ọdún 1944, Raymond Cowles àti Charles Bogert tẹ ìwádìí wọn lórí àwọn alángbá àti ejò aṣálẹ̀ Amẹ́ríkà jáde. Wọ́n fi hàn pé àwọn ẹran wọ̀nyí kì í kàn gba ohun tí ojú ọjọ́ bá fún wọn. Nípa ṣíṣí kúrò níbí bọ́ sọ́hùn-ún, wọ́n ń fi ooru ara wọn sí ìwọ̀n kan tí ó tẹ́ wọn lọ́rùn. Wọ́n tún rí ohun kejì tí ó yẹ kí gbogbo ẹni tí ń sin ejò fi sọ́kàn: ìwọ̀n ooru tí ó wu ẹran náà kò jìnnà sí ìwọ̀n tí ń pa á. Ejò kò lè làágùn bíi tiwa. Bí kò bá rí ibi tútù sá sí, ó parí nìyẹn.

Nítorí náà, kókó ọ̀rọ̀ wa nìyí: ohun tí ejò nílò nínú àpótí kì í ṣe ooru lásán, ààyè láti yan ooru ni. Nílé, inú ihò òkété tàbí òkìtì ikán ni mọ̀nàmọ́ná máa ń wà lọ́sàn-án. Bí ibẹ̀ bá gbóná, á wọlé jìnnà sí i. Bí ó bá tutù, á sún mọ́ ẹnu ihò. Àpótí tí gbogbo inú rẹ̀ gbóná bákan náà ti gba ìpinnu yẹn lọ́wọ́ rẹ̀. Ó yẹ kí ìpẹ̀kun kan nínú àpótí wà láàárín 30°C sí 32°C, kí ìpẹ̀kun kejì wà láàárín 24°C sí 26°C. Lóru ó lè rẹlẹ̀ díẹ̀, ṣùgbọ́n kí ó má ṣe lọ sísàlẹ̀ 22°C. Ẹ̀yin ará wa ní Amẹ́ríkà tí ẹ ń lo Fahrenheit, 32°C jẹ́ nǹkan bí 90, 25°C sì jẹ́ 77.

Àwọn àgbà wa ní, gbogbo alángbá ló da ikùn délẹ̀, a kò mọ èyí tí inú ń run. Òótọ́ ni, ọ̀pọ̀ ẹran afàyàfà kì í ké, wọn kì í sì í kérora. Ṣùgbọ́n Matthew Kluger àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ní Yunifásítì Michigan rí ọ̀nà kan tí a fi lè mọ̀ ọ́n. Wọ́n fi kòkòrò àrùn sí ara irú alángbá aṣálẹ̀ kan, wọ́n sì fi wọ́n sí ibi tí ó ní apá gbígbóná àti apá tútù. Ní ọdún 1974 wọ́n ròyìn pé àwọn tí ara wọn kò dá ń yan ibi tí ó gbóná ju èyí tí àwọn alára líle ń yàn lọ. Ibà tí ara tiwa ń dá fúnra rẹ̀, ẹsẹ̀ ni alángbá fi ń rìn lọ bá a. Ní ọdún 1975 wọ́n tún ròyìn pé àwọn tí a kò jẹ́ kí wọ́n rí ooru tó bẹ́ẹ̀ kú jù àwọn tí wọ́n rí i lọ. Ààyè láti yàn jẹ́ oògùn pẹ̀lú. Èyí kò ní kí a máa yan ejò tí ń ṣàìsàn níná o. Ti pé kí ìpẹ̀kun méjèèjì wà fún un nígbà gbogbo ni à ń sọ.

Báwo ni a ó ṣe ṣe é? Èkíní, ohun tí ń mú ooru wá. Ó lè jẹ́ ẹní pẹlẹbẹ oníná tí a ń tẹ́ sábẹ́ àpótí, ó lè jẹ́ gílóòbù, ó sì lè jẹ́ heater alámọ̀ tí kì í tan ìmọ́lẹ̀. Ìpẹ̀kun kan ṣoṣo ni kí ó wà. Bí ó bá wà nínú àpótí, kí a fi àwọ̀n onírin bò ó, nítorí pé mọ̀nàmọ́ná lè lọ́ mọ́ gílóòbù títí yóò fi jó o lára. Òkúta oníná tí àwọn kan ń tà fún ejò láti sùn lé ti jó ọ̀pọ̀ wọn níkùn, kí a yẹra fún un.

Èkejì ni thermostat, ẹ̀rọ kékeré tí ń dín iná kù tàbí tí ń pa á bí ooru bá tó, tí ó sì ń dá a padà bí ó bá lọ sílẹ̀. Ẹni tí ó ní heater láìní thermostat dà bí ẹni tí ó gbé ìkòkò ka iná tí ó sì gba ọjà lọ. Wáyà tín-ín-rín kan wà lára rẹ̀ tí orí rẹ̀ ń mọ ooru. Kí a so ó mọ́ ìpẹ̀kun gbígbóná dáadáa. Bí ejò bá wọ́ ọ lọ sí apá tútù, ẹ̀rọ yóò gbà pé òtútù ń mú gbogbo àpótí, yóò sì máa da ooru lé e láìdáwọ́ dúró.

Ẹ̀kẹta ni òṣùwọ̀n ooru méjì, ọ̀kan ní ìpẹ̀kun kọ̀ọ̀kan, ní ibi tí ejò ń sùn sí gan-an, kì í ṣe lókè ògiri àpótí. Kí a má fi ọwọ́ ṣe òṣùwọ̀n. Awọ ọwọ́ wa fúnra rẹ̀ kò jìnnà sí 32°C, nítorí náà ibi tí ó gbóná tó fún ejò lè máà gbóná lọ́wọ́ wa rárá, tí a ó sì máa fi iná kún iná.

Ẹ̀kẹrin, kí ibi ìsápamọ́ wà ní ìpẹ̀kun méjèèjì. Bí ẹyọ kan bá wà, tí ó sì wà ní apá tútù, ejò tí ẹ̀rù ń bà yóò jókòó sínú òtútù dípò kí ó jáde síta gbangba. Ẹ̀karùn-ún, kí a tan gbogbo rẹ̀ fún ọjọ́ kan tàbí méjì, kí a máa wo òṣùwọ̀n, kí a tó fi ejò sí i.

Ní ti òtútù, bí ara mọ̀nàmọ́ná bá tutù, oúnjẹ kì í dà nínú rẹ̀. Eku tí ó gbé mì lè rà síkùn rẹ̀, tàbí kí ó pọ̀ ọ́ jáde. Bí òtútù bá pẹ́, ẹ̀dọ̀fóró rẹ̀ lè bàjẹ́. Bí ẹ bá gbọ́ tí ó ń mí pẹ̀lú ariwo, tí itọ́ ń hó lẹ́nu rẹ̀, ẹ má wádìí lọ́wọ́ ọ̀rẹ́, ọ̀dọ̀ dókítà ẹranko ni kí ẹ gbà lọ. Bí iná bá lọ, ẹ kọ́kọ́ yọ heater kúrò nínú sọ́kẹ́ẹ̀tì, kí ẹ fi bùláńkẹ́ẹ̀tì bo àpótí láìdí ihò afẹ́fẹ́ rẹ̀. Ẹ fi aṣọ ìnura wé ìgò omi gbígbóná sí ìpẹ̀kun kan. Ẹ má fún un lóúnjẹ títí ooru yóò fi padà. Mọ̀nàmọ́ná tí ó ti dàgbà tí ara rẹ̀ sì dá lè gbé ọ̀sẹ̀ méjì láìjẹun, ṣùgbọ́n omi kò gbọdọ̀ tán níwájú rẹ̀.

Ooru náà ń bọ̀ wá síhìn-ín. Ní ọjọ́ 19 oṣù Keje ọdún 2022, ooru dé 40.3°C ní Coningsby ní Lincolnshire. Ní irú ọjọ́ bẹ́ẹ̀ thermostat lè pa heater, kò lè mú yàrá tutù. Ẹ fa kọ́tìnnì, ẹ gbé àpótí kúrò lójú oòrùn lọ sí ìsàlẹ̀ ilé. Àpótí onígíláàsì létí fèrèsé tí oòrùn ń wọ̀ lè di ìkòkò láàárín wákàtí díẹ̀, àní lọ́jọ́ tí òde tutù.

Kí ẹnikẹ́ni má sì sọ pé òun kò ni ín, òun kàn ń bá ọ̀rẹ́ ṣọ́ ọ ni. Òfin ìtọ́jú ẹranko ọdún 2006 ní England àti Wales sọ pé ẹni tí ẹran wà níkàáwọ́ rẹ̀, ì báà jẹ́ fún ìgbà díẹ̀, ni ó gbọ́dọ̀ rí i pé ó ní ibùgbé tí ó yẹ ẹ́. Nítorí náà, kí ẹ tó gbà, ẹ bi olówó rẹ̀ léèrè: Ṣé thermostat wà? Níbo ni orí wáyà rẹ̀ wà? Èló ni òṣùwọ̀n ń kà ní ìpẹ̀kun méjèèjì? Dókítà wo ni kí n pè? Bí kò bá lè dáhùn, ẹ sọ fún un pẹ̀lú ọ̀wọ̀ pé kí ó wá ẹlòmíràn, kí ó sì tún àpótí rẹ̀ ṣe kí ó tó lọ. Ẹni tí ó kọ̀ ọ́ ní kùtù ṣàánú ejò náà ju ẹni tí ó gbà tí kò mọ ohun tí ó gbà lọ.

Mọ̀nàmọ́ná lè lo ogún ọdún sí ọgbọ̀n ọdún tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ nínú ìtọ́jú rere. Ọgbà ẹranko Saint Louis ní Amẹ́ríkà gba ọ̀kan ní ọdún 1961, ó sì yé ẹyin níbẹ̀ ní ọdún 2020. Láàárín gbogbo ọdún wọ̀nyẹn, ẹnìkan ni ó ń wo òṣùwọ̀n ooru fún un lójoojúmọ́. Bí ó bá kan tiwa fún ọ̀sẹ̀ méjì péré, ẹ jẹ́ kí a wò ó dáadáa.