Ẹ̀bùn Ọ̀gá, Òógùn Òṣìṣẹ́

Bí ọ̀rọ̀ àwọn olówó ilẹ̀ yìí bá ti délẹ̀, gbólóhùn kan wà tí kì í pẹ́ jáde lẹ́nu àwọn èèyàn: "Àwọn olówó tiwa ì bá jẹ́ ṣe bíi ti àwọn òyìnbó! Àwọn tó kọ́ odidi ìlú fún òṣìṣẹ́ wọn, tí wọ́n kọ́ ilé-ìwé àti ilé ìwòsàn, tí wọ́n tún fi owó sílẹ̀ de àwọn tí a kò tí ì bí." Mo ti gbọ́ ọ nínú mọ́tò, mo ti gbọ́ ọ níbi ìkówójọ ìlú, mo ti gbọ́ ọ lẹ́nu àwọn ọ̀mọ̀wé tó yẹ kó mọ̀ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Èmi kò sí lẹ́yìn wọn o. Ohun tí èmi ń sọ ni pé ìlú tí ọ̀gá ilé-iṣẹ́ bá kọ́ fún òṣìṣẹ́ rẹ̀, òógùn òṣìṣẹ́ náà ló fi kọ́ ọ. Ẹni tó bá sì ń gba ẹ̀tọ́ rẹ̀ lọ́wọ́ ẹlòmíràn bí ẹni ń gba ọrẹ, ó ti sọ ara rẹ̀ di ìwọ̀fà.

Kí ẹ má baà sọ pé ẹnu lásán ni mo ń fọ́n, ẹ jẹ́ ká wo àwọn ìlú náà lọ́kọ̀ọ̀kan.

Amẹ́ríkà ni ká ti bẹ̀rẹ̀. George Pullman ni ọkùnrin tó ń ṣe ọkọ̀ ojú irin tí èrò lè sùn sí. Ní 1880 ó bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ ìlú kan sí ẹ̀bá Chicago, ó sì fi orúkọ ara rẹ̀ sọ ọ́. Ìlú náà dára lójú, a kì í purọ́ mọ́ni. Ilé bíríkì, omi ẹ̀rọ, ọgbà òdòdó, ilé ìkàwé, gbọ̀ngàn eré. Àwọn àlejò ń ti ọ̀nà jíjìn wá wò ó. Ṣùgbọ́n kò sí òṣìṣẹ́ kan tó lè ra ilé níbẹ̀. Ilé-iṣẹ́ Pullman ló ni gbogbo rẹ̀ pátá, títí kan ilé Ọlọ́run. Ẹni tó fẹ́ yá ìwé, á sanwó. Ìjọ tó fẹ́ lo ṣọ́ọ̀ṣì, á sanwó. Òtẹ́ẹ̀lì kan ṣoṣo ni wọ́n ti ń ta ọtí, òṣìṣẹ́ kọ́ sì ni wọ́n ṣe é fún.

Nígbà tó di 1893, ọrọ̀ ajé Amẹ́ríkà dẹnu kọlẹ̀. Pullman gé owó iṣẹ́. Bí a bá da gbogbo rẹ̀ pọ̀, bí ìdá kan nínú mẹ́rin ló gé kúrò. Owó ilé ńkọ́? Kò dín kọ́bọ̀. Èrè tí wọ́n ń pín fún àwọn tó ní ìpín nínú ilé-iṣẹ́ ńkọ́? Ìyẹn náà kò dín. Ẹ wo ìṣirò yẹn dáadáa: ọ̀gá kan náà ló ń fi ọwọ́ ọ̀tún dín owó oṣù kù, tó tún ń fi ọwọ́ òsì gba owó ilé lódindi. Ní oṣù karùn-ún 1894, àwọn òṣìṣẹ́ daṣẹ́ sílẹ̀. Ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ ojú irin tí Eugene Debs jẹ́ olórí fún gbè wọ́n lẹ́yìn, wọ́n ní àwọn kò ní fọwọ́ kan ọkọ̀ Pullman mọ́. Ààrẹ Cleveland kó sójà dìde, ẹ̀mí ṣòfò, Debs rẹ́wọ̀n he.

Nígbà tí Pullman kú ní 1897, inú kọnkéré àti irin ni wọ́n sin ín sí, nítorí ìbẹ̀rù pé àwọn òṣìṣẹ́ lè wá hú òkú rẹ̀. Háà! Ọlọ́rẹ wo ló ń bẹ̀rù àwọn tó ta lọ́rẹ títí dé inú sàréè? Ní ọdún tó tẹ̀ lé e, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ní Illinois pàṣẹ pé kí ilé-iṣẹ́ náà ta àwọn ilé ìlú náà. Iṣẹ́ ọkọ̀ ni ìjọba fún un níwèé àṣẹ fún, kì í ṣe iṣẹ́ ọba ìlú.

Àwọn kan tún wà tí wọn kò tilẹ̀ dé inú ìlú ẹlẹ́wà náà rárá. Aláwọ̀ dúdú ni Pullman gbà láti máa tọ́jú èrò nínú ọkọ̀ rẹ̀ lóru. Owó iṣẹ́ wọn kò tó gbọ́ bùkátà, dáṣì tí èrò bá fún wọn ni wọ́n fi ń gbé e ró. "George" sì ni àwọn èrò ń pe gbogbo wọn, lórúkọ ọ̀gá wọn, bí ẹni ń pe ẹrú mọ́ ẹni tó rà á. Àwọn tí bàbá àti ìyá sọ lórúkọ! Ó di 1925 kí wọ́n tó dá ẹgbẹ́ tiwọn sílẹ̀, A. Philip Randolph sì di olórí wọn. Ó di 1937 kí ilé-iṣẹ́ náà tó bá wọn tọwọ́ bọ̀wé àdéhùn. Ìwé kan ṣoṣo yẹn ṣe fún wọn ohun tí gbogbo ọgbà òdòdó Pullman kò lè ṣe.

Ẹnìkan á ní, "Pullman burú lóòótọ́, ṣùgbọ́n Lever ńkọ́?" Ó dáa. Ẹni tó bá ti dàgbà díẹ̀ nílẹ̀ yìí mọ ọṣẹ Sunlight, ó sì mọ UAC. William Lever, ọmọ oníṣọ́ọ̀bù kan ní Bolton, ló ni ọṣẹ náà. Ní 1888 ó bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ ìlú fún àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ ní òdìkejì odò sí Liverpool, ó pè é ní Port Sunlight. Ilé ibẹ̀ lé ní 800, ó ní ilé ìwòsàn, ilé ìkàwé, ibi ìlúwẹ̀ẹ́. Ó tún kọ́ ilé àwòrán ńlá kan ní ìrántí aya rẹ̀, èyí tí wọ́n ṣí ní 1922. Mo fún un ní tirẹ̀. Nígbà tí ọ̀pọ̀ òṣìṣẹ́ ìlú ńlá ń há mọ́ra wọn nínú ìdọ̀tí, ọmọ tí wọ́n bí sí Port Sunlight rí koríko, ó rí afẹ́fẹ́.

Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ àlàyé tí Lever fúnra rẹ̀ ṣe fún àwọn òṣìṣẹ́. Ó ní òun kò ní pín èrè fún wọn lówó, nítorí ọtí, súìtì àti pẹ́pẹ́yẹ Kérésì ni wọn yóò fi í rà, yóò sì gba ọ̀nà ọ̀fun lọ. Ó ní kí wọ́n fi í sílẹ̀ lọ́wọ́ òun, òun yóò fi ṣe ohun tó máa tù wọ́n lára. Ẹ ò rí nǹkan! Tiyín ni o, ṣùgbọ́n ẹ ò gbọ́n tó láti ná an. Ẹ lọ sọ irú ọ̀rọ̀ yẹn fún àgbẹ̀ kan ní Ìkirè lẹ́yìn tó ta kòkó rẹ̀ tán, kí ẹ wá wo ohun tó máa fi dá yín lóhùn. Ilé náà sì so mọ́ iṣẹ́: ẹni tí iṣẹ́ bá bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀, ilé bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ pẹ̀lú. Ìdí nìyẹn tí mo fi dárúkọ ìwọ̀fà lókè. Ìwọ̀fà ń ṣiṣẹ́ láti òwúrọ̀ dé ọ̀sán, iṣẹ́ náà kò sì dín gbèsè rẹ̀ kù. Bẹ́ẹ̀ náà ni ẹni tó fi ogún ọdún san owó ilé fún ọ̀gá rẹ̀, tí kò ní bíríkì kan tó lè pè ní tirẹ̀.

Ibi tí ọ̀rọ̀ náà ti kàn wá gan-an nìyí. Níbo ni epo tí wọ́n fi ń se ọṣẹ náà ti ń wá? Ilẹ̀ aláwọ̀ dúdú ni, láti ọwọ́ àwọn tó ń fi igbà gun ọ̀pẹ. Lever fẹ́ gba ilẹ̀ rẹpẹtẹ ní Nàìjíríà láti fi ṣe oko ọ̀pẹ. Ìjọba amúnisìn kò gbà fún un. Ló bá kọjú sí Congo. Ní 1911 ìjọba Belgium bá a ṣe àdéhùn ilẹ̀ tó tó 750,000 hẹ́kítà. Ó dá ìlú mìíràn sílẹ̀ níbẹ̀, orúkọ ara rẹ̀ náà ló fi pè é: Leverville. Lusanga ni wọ́n ń pè é báyìí. Ilé-ìwé wà nínú ìwé àdéhùn yẹn, ilé ìwòsàn wà nínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n nínú igbó, àwọn ìjòyè àti aṣojú ìjọba ló ń fi tipátipá kó ọkùnrin lọ síbi iṣẹ́, kí ilé-iṣẹ́ má baà ṣaláìrí ẹni gun ọ̀pẹ. Ní 1931, ọdún mẹ́fà lẹ́yìn ikú Lever, owó tí wọ́n ń san lórí ẹyìn já wálẹ̀, owó orí kò sì já. Àwọn ará Pende dìde. Sójà ìjọba pa wọ́n, àwọn tó kú lé ní 500.

Port Sunlight ni pálọ̀, Leverville ni ẹ̀yìnkùlé. Pálọ̀ ni wọ́n ń mú àlejò wọ̀, ibẹ̀ náà ni wọ́n ti ń ya fọ́tò. Ẹni tó bá ń yin pálọ̀ láìbéèrè ẹni tó ń fọ abọ́ lẹ́yìnkùlé, kò tí ì rí ilé náà.

Ó ku Bournville, èyí tó sàn jù nínú wọn. Ẹ̀yin tí ẹ fi Bournvita tọ́ ọmọ, orúkọ ìlú náà ló wà lára agolo yín. Ní 1879 àwọn ọmọ Cadbury kó ilé-iṣẹ́ ṣokoléètì wọn kúrò láàárín Birmingham lọ sí ìgbèríko. Láti 1895 ni George Cadbury ti ń kọ́ ilé síbẹ̀, kì í sì í ṣe òṣìṣẹ́ rẹ̀ nìkan ló gbà síbẹ̀. Ẹlẹ́sìn Quaker ni, kò fẹ́ràn ogun, kò fẹ́ràn ọtí, ó sì kórìíra ìkónilẹ́rú. Síbẹ̀ náà, ní 1901 ni ìdílé Cadbury ti gbọ́ pé àwọn tí wọ́n kó láti Angola bí ẹrú ló ń ṣiṣẹ́ nínú oko kòkó ní São Tomé. Wọ́n rán èèyàn lọ wádìí, wọ́n bá ìjọba sọ̀rọ̀, wọ́n sì ń ra kòkó náà lọ títí di 1909. Nígbà tí ìwé ìròyìn kan bú wọn lórí rẹ̀, wọ́n pè é lẹ́jọ́. Ìdájọ́ gbè wọ́n. Mélòó ni wọ́n ní kí ìwé ìròyìn náà san fún wọn? Farthing kan! Kọ́bọ̀ kan tí a pín sọ́nà mẹ́rin, ká mú ìdá kan níbẹ̀. Àwọn tó dá ẹjọ́ náà mọ ohun tí wọ́n ń sọ.

Mo ní èyí sàn jù, n kò gbàgbé. Ní 1900, George Cadbury kó ilẹ̀ àti ilé tó lé ní 300 fún ìgbìmọ̀ kan, Bournville Village Trust, ó sì yọ ọwọ́ ilé-iṣẹ́ kúrò níbẹ̀. Lónìí ilé-iṣẹ́ ṣokoléètì náà ti bọ́ sọ́wọ́ àwọn ará Amẹ́ríkà láti 2010, ìgbìmọ̀ náà ṣì ń bójú tó ìlú. Ẹ rí i bí? Ohun tó mú kí ẹ̀bùn yẹn tọ́jọ́ ni pé ẹni tó fúnni tú ọwọ́ rẹ̀ sílẹ̀. Ẹ̀bùn tí ọwọ́ onílé ṣì wà lára rẹ̀, okùn ọrùn ni.

Àwọn kan máa bi mí pé, "Bí kò bá sí olówó tó ṣe é, ta ni ìbá ṣe é?" Ẹ wo Ìbàdàn. Ilé Kòkó tí wọ́n parí ní 1965, olówó kan ha kọ́ ọ bí? Ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ tí ìjọba Awólọ́wọ̀ bẹ̀rẹ̀ ní 1955, àpò ta ni owó rẹ̀ ti wá? Owó orí àwọn ará ìlú àti owó kòkó wà nínú rẹ̀. Àwọn àgbẹ̀ Oǹdó, Iléṣà àti Ìbàdàn, tí ọ̀pọ̀ wọn kò mọ̀wé kà, ló rán ọmọ ẹlòmíràn níwèé. Ìyẹn náà ní àbùkù tirẹ̀ o. Ìgbìmọ̀ tó ń ra kòkó kì í san iye tí ọjà àgbáyé ń san fún àgbẹ̀. Ṣùgbọ́n ìyàtọ̀ ńlá wà níbẹ̀: nígbà tí ọ̀rùn wọ̀ wọ́n ní 1968, àwọn Àgbẹ́kọ̀yà dìde béèrè ìṣirò, ìjọba sì dín owó orí kù. A lè béèrè ìṣirò owó ìlú. Ta ló lè béèrè ìṣirò lọ́wọ́ ọlọ́rẹ? Ẹ béèrè wò, wọ́n á ní aláìmoore ni yín.

Ohun tó ń dùn mí nìyí. Nílẹ̀ wa lónìí, ilé-iṣẹ́ kan á gbẹ́ kànga ẹ̀rọ kan sí abúlé, á gbé pátákó tó tóbi ju kànga lọ síwájú rẹ̀. Ọba á fi ọ̀gá ibẹ̀ jẹ oyè, onílù á lù, àwa náà á nà án lówó. Ní ọjọ́ yẹn gan-an, òṣìṣẹ́ kásúà wà nínú ọgbà ilé-iṣẹ́ náà tó ti ṣe ọdún mẹ́jọ láìní ìwé ìgbanisíṣẹ́, tí kò ní owó ìfẹ̀yìntì, tí ẹ̀rọ bá gé ní ìka tí wọ́n á ní kó máa lọ ilé. Ṣé kànga yẹn ló máa wo ìka sàn?

N kò sọ pé kí olówó má ṣàánú. Kí ó ṣe é. Ṣùgbọ́n kí a tó dì í ní ìwérí, kí a bi í ní ohun mẹ́ta. Èkíní, mélòó lò ń san fún ẹni tó kéré jù lẹ́nu iṣẹ́ rẹ, ṣé ó sì lè dá ẹgbẹ́ sílẹ̀ kí iṣẹ́ má bọ́? Èkejì, àwọn wo ló wà lẹ́yìnkùlé rẹ, níbi tí ọjà rẹ ti ń wá? Ẹ̀kẹta, ohun tí o fún wa yìí, ṣé o ti tú ọwọ́ rẹ sílẹ̀ lára rẹ̀? Bí ó bá dáhùn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta dáadáa, ẹ pè mí síbi ìwúyè rẹ̀, màá wá jó. Bí kò bá lè dáhùn, kí ó kọ́kọ́ san owó oṣù àwọn èèyàn rẹ̀ pé. Wọ́n mọ bí wọ́n ṣe ń kọ́ ilé.