Oògùn Owó Inú Fíìmù: Kí Làwọn Ọmọ Wa Ń Rí Kọ́?

Ẹ̀yin ìyá ọjà o! Ọ̀rọ̀ yìí kan gbogbo wa.

Bí àwọn ọmọ bá ti ilé-ìwé dé, ìsọ̀ wa ni wọ́n ń jókòó sí. Bí a ṣe ń bá oníbàárà dúnàá-dúrà, fíìmù làwọn ń wò, níwájú ìsọ̀ onísíídì tàbí lórí fóònù tí a gbé fún wọn kí wọ́n má baà dí wa lọ́wọ́. Kí ni wọ́n ń rí? Ọ̀bẹ, ẹ̀jẹ̀, àti owó tó ń jáde nínú igbá.

Kò ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Ní 1992, fíìmù elédè Ìgbò kan, Living in Bondage, sọ ìtàn ọkùnrin tó fi ìyàwó rẹ̀ ṣe oògùn owó. Ó tà gan-an. Látìgbà náà, irú ìtàn yìí ò tán nínú fíìmù Yorùbá náà.

Àwọn onífíìmù á ní, "Ṣebí a fi hàn pé ó kábàámọ̀ nígbẹ̀yìn?" Òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n bí ọkọ̀ bọ̀gìnnì àti ìnáwó bá gba wákàtí kan, tí ẹ̀san gba ìṣẹ́jú mẹ́wàá, èwo lọmọ máa gbé lọ sílé? Èyí tí a rán níṣẹ́ kó tó parí ńkọ́?

Ní 1965, onímọ̀ Amẹ́ríkà kan, Albert Bandura, fi fíìmù han àwọn ọmọdé, níbi tí àgbàlagbà ti ń lu bèbí rọ́bà. Àwọn tó rí i pé wọ́n fìyà jẹ ẹni náà ò fi bẹ́ẹ̀ ṣe bíi tirẹ̀. Ṣùgbọ́n nígbà tí wọ́n ṣèlérí ẹ̀bùn fún wọn, wọ́n ṣe é! Ẹ̀kọ́ náà ti wọlé. Ìbẹ̀rù ló dá wọn lọ́wọ́ dúró.

A ò ní fíìmù nìkan ló ń bàlú jẹ́ o. Ìṣẹ́ wà níbẹ̀, ẹgbẹ́ búburú wà níbẹ̀, àti àwa òbí tí kì í bi ọmọ pé, "Níbo lo ti rówó yìí?"

Ní 2024, àjọ ìjọba tó ń yẹ fíìmù wò kéde òfin lòdì sí fíìmù tó ń gbé oògùn owó lárugẹ. Ó dáa. Ṣùgbọ́n àjọ ò sí ní ìsọ̀ wa. Bí 18 bá wà lára páálí fíìmù, ti àgbà ni. Ẹ̀yin onísíídì wa, a bẹ̀ yín, ẹ má gbé ti ẹlẹ́jẹ̀ síta lásìkò tọ́mọ ilé-ìwé ń kọjá. Kí àwa ìyá sì jókòó ti ọmọ, ká sọ fún un bí a ṣe jókòó sóòrùn kí èrè ẹgbẹ̀rún kan náírà tó wọlé.

Ọmọ tí a ò kọ́ ló ń gbé ilé tí a kọ́ tà. Ajé á jẹ́ tiwa o.