Ìmọ̀ Kì Í Ṣe Ọjà Abẹ́ Aṣọ

 

Ẹ̀yin ọmọ wa, ẹ̀yin òbí wọn, ọ̀rọ̀ kan ń lọ lẹ́nu àwọn ọ̀dọ́ Mùsùlùmí ní Ìlobùú àti Ifọ́n-Ọ̀ṣun, a kò sì gbọdọ̀ fi dídákẹ́ gbè é lẹ́yìn. Wọ́n ní ìwé àtijọ́ kan ń bẹ tí gbogbo àṣírí sánmọ̀ àti ilẹ̀ wà nínú rẹ̀: orúkọ àwọn àlùjọ̀nnú, ìràwọ̀ tí ó ni oríire kálukú, lẹ́tà tí a ó kọ sí wàláà, tí a ó fọ̀ mu, tí owó yóò fi dé. Wọ́n ní àwọn àáfà àgbà ló fi pamọ́. Wọ́n ní Òyìnbó ló jí i lọ tí ó fi ṣe ọkọ̀ òfúrufú. Wọ́n sì ní ẹni tí owó rẹ̀ bá pé lè rí i rà lábẹ́lẹ̀. Àwa tí a ń kọ́ni ní kéú ń sọ ọ́ ní gbangba pé irọ́ ni.

Ẹ̀tàn yìí kì í ṣe tuntun. Nínú Súúrà kejì, áyà 102, Ọlọ́hun wẹ Ànábì Sulaimọ́nù mọ́ kúrò nínú ẹ̀sùn idán, Ó sì jẹ́ kí a mọ̀ pé àwọn ṣàítánì ni wọ́n ń fi kọ́ àwọn ènìyàn. Àwọn onítáfúsírù bíi Tọ́barí gba ìtàn rẹ̀ wá pé àwọn ṣàítánì kọ ìwé idán, wọ́n rì í mọ́lẹ̀ sábẹ́ ìtẹ́ Ànábì náà. Nígbà tí ó kú tán, wọ́n ní kí a hú u jáde, wọ́n ní òun ló fi jọba lórí ènìyàn àti àlùjọ̀nnú. Ẹ wo ọgbọ́n wọn: wọ́n fi ọwọ́ ara wọn kọ ìwé, wọ́n fi orúkọ Ànábì bò ó, wọ́n sì ní ó ti pẹ́ nílẹ̀.

Ọgbọ́n kan náà ni wọ́n fi ṣe Ìwé Kẹfà àti Ìkeje ti Mósè tí wọ́n ń tà káàkiri orílẹ̀-èdè wa. Ìwé márùn-ún ni àwọn Júù àti àwọn Kìrìsìtẹ́nì mọ̀ mọ́ Ànábì Músá. Níbo ni ìkẹfà ti yọ wá? Ọdún 1849 ni Johann Scheible, òǹtẹ̀wé kan ní ìlú Stuttgart, nílẹ̀ Jámánì, tẹ̀ ẹ́ jáde. Ọdún 1880 ni wọ́n tẹ̀ ẹ́ ní èdè Gẹ̀ẹ́sì ní New York. Ìwé tí ẹ̀rọ òǹtẹ̀wé bí ni wọ́n ń pè ní ogún Ànábì!

Ẹlòmíràn yóò ní, “Ti Kìrìsìtẹ́nì nìyẹn. Tiwa ni Shamsul-Maarif.” Ahmad al-Buni ni wọ́n ní ó kọ ọ́, ẹni tí ó kú ní ọdún 622 Híjírà, èyí tí í ṣe 1225. Ṣùgbọ́n àwọn onímọ̀ tí wọ́n fi àwọn ìwé ọlọ́wọ́ àtijọ́ wéra ti fi hàn pé èyí tí ó tóbi, tí wọ́n ń tà lọ́jà, àwọn ẹlòmíràn ló ṣà á jọ ní ọgọ́rùn-ún ọdún mélòó kan lẹ́yìn ikú rẹ̀. Kódà ká ní òun ló kọ gbogbo rẹ̀, ṣé ìyẹn sọ ọ́ di òdodo? Ibn Khaldun, tí ó kú ní ọdún 1406, kọ ọ́ nínú Muqaddima rẹ̀ pé ojú kan náà ni Ṣẹ́ríà fi ń wo idán àti oògùn ìràwọ̀: èèwọ̀ ni méjèèjì.

Wọ́n á tún ní, “Lẹ́tà Lárúbáwá ló wà nínú rẹ̀.” Lẹ́tà Lárúbáwá náà ni wọ́n fi ń kọ ìwé gbèsè àti ẹ̀rí èké. Wọ́n á ní, “Àwọn àáfà àgbà kan lò ó.” A bọ̀wọ̀ fún àgbà, ṣùgbọ́n Kùránì àti Sunna ni a fi ń wọn àgbà, a kì í fi àgbà wọn Kùránì.

Bí ìwé àṣírí kan bá wà ni, ta ni ìbá tọ́ sí ju Sàyídínà Àlíyù, àna Ànábì, lọ? Ó wà nínú Bùhárí pé wọ́n bi í bóyá ìwé kan wà lọ́wọ́ wọn tí àwọn ìyókù kò ní. Ó ní kò sí, àyàfi Kùránì, àti òye tí Ọlọ́hun fún Mùsùlùmí, àti tákàdá kan. Kí ló wà nínú tákàdá náà? Òfin owó ẹ̀jẹ̀, ìtúsílẹ̀ ẹrú ogun, àti òfin lórí ìpànìyàn. Kò sí oògùn owó níbẹ̀. Ìwé tí gbogbo ohun tí ó ṣẹlẹ̀ àti èyí tí yóò ṣẹlẹ̀ wà nínú rẹ̀, Láohul-Máhfúùsì ni, ọ̀dọ̀ Ọlọ́hun ló sì wà. Ta ló gun òkè lọ rà á wá?

Ìmọ̀ tí ó gbé ayé ró, gbangba ni wọ́n kọ ọ́ sí. Al-Khwarizmi kọ ìwé algebra rẹ̀ ní Bàgídáádì ní nǹkan bí ọdún 820 sí 830. Ó ní nítorí pípín ogún, òwò, wíwọn ilẹ̀ àti gbígbẹ́ ipa odò ni. Al-Sufi kọ ìwé ìràwọ̀ rẹ̀ ní ọdún 964, ó ya àwòrán wọn kí ẹnikẹ́ni lè gbójú sókè yẹ̀ ẹ́ wò. Ọkọ̀ òfúrufú tí wọ́n ń wí náà, àwọn ará Wright, tí wọ́n ń tún kẹ̀kẹ́ ṣe, ló fò ó ní Amẹ́ríkà ní ọjọ́ kẹtàdínlógún oṣù Kejìlá ọdún 1903, lẹ́yìn tí wọ́n ti wọn atẹ́gùn, tí wọ́n kùnà, tí wọ́n tún un ṣe. Kò sí àlùjọ̀nnú níbẹ̀.

Kí ló mú wa tẹnu mọ́ ọn tó báyìí? Ní ọdún 2025, ìjà ààlà ilẹ̀ le láàrin Ìlobùú àti Ifọ́n débi pé ìjọba Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun kéde kónílé-ó-gbélé. Ọmọ tí wọ́n bá ti fi ìwé irọ́ ṣe tírà fún, tí wọ́n ní ìbọn kò ní ràn án, kò ní sá fún ìjà. Òun ni yóò kọ́kọ́ ṣíwájú, ìyá rẹ̀ ni yóò sì sunkún. Nínú ìmọ̀ méjèèjì, èwo ni ìlú wa ń fẹ́: èyí tí ó ń wọn ilẹ̀ ni, tàbí èyí tí ó ń ta àyẹta?

Ẹ̀yin àáfà ẹlẹgbẹ́ wa tí ẹ ń jẹun lórí ọ̀rọ̀ yìí, ẹ bẹ̀rù Ọlọ́hun. Hádíìsì tí Tirmisí gbà wá sọ pé ẹni tí wọ́n bi ní ìmọ̀ tí ó fi pamọ́, ìjánu iná ni wọn yóò kó sí i lẹ́nu. Bí òótọ́ ni ohun tí ẹ ń tà, ẹ̀ṣẹ̀ ni fífi í pamọ́. Bí irọ́ ni, ẹ̀ṣẹ̀ ni títà á. Ẹ̀yin òbí, bí ọmọ yín bá tọrọ owó ìwé, ẹ bèèrè orúkọ ìwé náà. Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ìwé tí wọ́n bá ní ẹ kò gbọdọ̀ ṣí níwájú olùkọ́ yín, ẹ má fi owó yín rà á.

Kí Ọlọ́hun fún wa ní ìmọ̀ tí ó wúlò, kí Ó sì dá àlàáfíà padà sáàrin Ìlobùú àti Ifọ́n. Àmín.