Kí A Tó Ra Kọ̀ǹpútà Tuntun

Ìmọ̀ràn kan ń lọ láàárín àwa akẹ́kọ̀ọ́jáde pé kí a dá owó jọ ní àjọ̀dún yìí, kí a fi ra kọ̀ǹpútà tuntun fún ilé-ìwé wa, nítorí pé èyí tó wà níbẹ̀ ń falẹ̀ jù. A kò lòdì sí ọrẹ. Ta ni yóò gbọ́ irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀ lẹ́nu àlùfáà? Ṣùgbọ́n a jókòó sínú iyàrá náà ní sáà tó kọjá. Nínú ẹ̀kọ́ 40 ìṣẹ́jú, àwọn ọmọ fi 15 wo ojú kọ̀ǹpútà tí kò tíì jí.

Àwọn kọ̀ǹpútà wọ̀nyí kò ní díìsìkì nínú. Bí a bá tan ọ̀kan, yóò gba ọ̀nà PXE ké sí sáfà, DHCP yóò fún un ní àdírẹ́sì, TFTP yóò sì máa gbé fáìlì tí yóò fi jí wá fún un. Níbí gan-an ni ìdádúró wà. Gẹ́gẹ́ bí ìlànà rẹ̀ ti ọdún 1992, TFTP a fi 512 báìtì ránṣẹ́, a sì dúró de èsì kí ó tó fi òmíràn tẹ̀lé e, bí ẹni tó ń fi ṣíbí bu omi kún àmù, tó ń retí kí a kí i kú iṣẹ́ lẹ́yìn ṣíbí kọ̀ọ̀kan. Fáìlì 50 mẹ́gábáìtì yóò rin ìrìn yìí ju ìgbà 100,000 lọ. Ìlànà ọdún 1998 gbà kí a sọ ìdì náà di ńlá: bí a bá fi sí 1,428 báìtì, ìrìn náà yóò dín sí nǹkan bí 37,000. Ètò iPXE, tí ó jẹ́ ọ̀fẹ́, tilẹ̀ lè gba HTTP, tí kì í dúró bẹ́ẹ̀ rárá.

Swíìṣì tún wà níbẹ̀. Òmíràn a máa ti ojú-ọ̀nà pa fún 30 ìṣẹ́jú-àáyá kí ó tó jẹ́ kí ọ̀rọ̀ kọjá. Kọ̀ǹpútà á ti ké títí kó sú u, a óò sì ní ó bàjẹ́. Ẹni tó mọ̀ ọ́n lè ṣe àtúnṣe èyí láìná kọ́bọ̀. Bí iná bá dé tí 20 kọ̀ǹpútà jí lẹ́ẹ̀kan náà ńkọ́? 1,000 mẹ́gábáìtì ni yóò gba ojú-ọ̀nà tí kò lè gbé ju nǹkan bí 12 lọ ní ìṣẹ́jú-àáyá kan. Swíìṣì gígábíìtì yóò gbé ìlọ́po mẹ́wàá rẹ̀.

Bí a bá ra kọ̀ǹpútà tuntun tí a sì so wọ́n mọ́ wáyà àtijọ́ yìí, ẹnu ọ̀nà kan náà ni wọn yóò tò sí. Bí a bá sì ra èyí tó ní díìsìkì, olùkọ́ yóò máa tún 20 ṣe lọ́kọ̀ọ̀kan, nígbà tó jẹ́ pé sáfà kan ṣoṣo ló ń tọ́jú lónìí.

Ẹ jẹ́ kí owó àkọ́kọ́ lọ sórí swíìṣì, wáyà, àti onímọ̀ tí yóò kọ́ olùkọ́ náà. Kí a wá fi aago wò ó. Bí wọ́n bá ṣì ń falẹ̀, àwa ni ẹ óò kọ́kọ́ rí pẹ̀lú owó wa lọ́wọ́.