Imú Ẹlẹ́dẹ̀ Nínú Àkáǹtì

Díẹ̀díẹ̀ nimú ẹlẹ́dẹ̀ ń wọgbà. Bí ẹlẹ́dẹ̀ bá fi gbogbo ara lu ọgbà lẹ́ẹ̀kan náà, olóko á gbọ́, kùmọ̀ á sì tẹ̀ lé e. Ẹlẹ́dẹ̀ mọ̀ bẹ́ẹ̀, imú ló kọ́kọ́ ń tì bọ àlàfo. Ta ni yóò pariwo olè nítorí imú?

Imú tí mò ń wò ni 10.75. Ẹni tó bá ń fi owó ránṣẹ́ láti báǹkì kan sí òmíràn ní Nàìjíríà mọ̀ ọ́n dáadáa. Láti ọdún 2020 ni Báǹkì Àpapọ̀ ti là á sílẹ̀ pé owó tí kò bá ju 5,000 náírà lọ, náírà 10 ni ìfiránṣẹ́ rẹ̀. Tó bá ju bẹ́ẹ̀ lọ títí dé 50,000, náírà 25. Èyí tó bá tún lé, náírà 50. Owó-orí VAT, 7.5 nínú ọgọ́rùn-ún, tún gun orí rẹ̀. Ibẹ̀ ni 10.75, 26.88 àti 53.75 ti wá. (26.875 ni ti àárín yẹn gan-an. Wọ́n sún un sókè ni.)

Kọ́bọ̀ ti kú lọ́jà. Ẹni tó bá na kọ́bọ̀ sí oníṣu, èébú ni yóò gbà. Nínú àkáǹtì, kọ́bọ̀ kò kú rárá.

Ẹ jẹ́ ká mú ìyá kan tó ń ta èlùbọ́ ní ọjà Bódìjà. Ká ní 1,318.37 ló jí bá nínú àkáǹtì. Oníbàárà méjì san 4,500 àti 6,200. Òun náà fi 4,000 ránṣẹ́ sí ẹni tó ń kó ọjà fún un, 5,600 fún owó ilé ìwé ọmọ, 1,500 fún àjọ. Ẹ̀ẹ̀mẹta ló fi owó ránṣẹ́, ẹ̀ẹ̀mẹta nimú wọgbà: 10.75, 26.88, 10.75.

Ẹni tó bá ń rò ó, tó ń yọ ọ́ bí àláàtì ṣe ń wọlé, orí á dàrú mọ́ ọn lọ́wọ́. Ẹ kó gbogbo èyí tó wọlé jọ, ẹ kó gbogbo èyí tó jáde jọ. Kí àmì tó ya náírà kúrò lára kọ́bọ̀ tò gbọọrọ lábẹ́ ara wọn. Ibi tí ìyẹn bá ti wọ́, ìṣirò ti bàjẹ́ nìyẹn. Ìwọlé, 12,018.37. Ìjáde, 11,148.38. Ẹ yọ kékeré kúrò nínú ńlá. Èyí tó tóbi jù ló ń sọ bóyá ẹ ní tàbí ẹ jẹ. Ó ku 869.99.

Kọ́bọ̀ kan ló dín kó pé 870. Kí ìyá yìí tẹ 870 sórí fóònù: kò lọ. Ó tẹ 865: kò lọ. 859.24 ni gbogbo ohun tó lè fi ránṣẹ́, torí 10.75 mìíràn ti dúró lẹ́nu ọgbà.

Nínú irú ìṣirò yìí, ibi tí àwọn ọmọ ilé ìwé ti ń ṣìnà ni ibi tí ìjáde bá ti ju ìwọlé lọ. Ká ní ó ku 5.40 nínú àkáǹtì kan, owó káàdì 53.75 bọ́ sí i: ọmọ á pa méjèèjì pọ̀, á kọ 59.15. Rárá o. 5.40 ti san lára gbèsè, 48.35 ló kù láti san, gbèsè sì ni, −48.35. Bí 60.25 bá wọlé lọ́la, gbèsè á kọ́kọ́ gba tirẹ̀, 11.90 péré lẹ máa bá.

Ẹ padà sọ́dọ̀ ẹlẹ́lùbọ́. 48.38 ni báǹkì gbà lọ́jọ́ yẹn. Tó bá ń rí bẹ́ẹ̀ fún ọ̀ọ́dúnrún ọjọ́, 14,514 náírà ni. Ká ní ẹnì kan wá bèèrè 14,514 lọ́wọ́ rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, gbogbo Bódìjà ni yóò gbọ́. N kò pe báǹkì lólè o. Owó ọkọ̀ tí ìyá ìbá fi lọ san àwọn owó yẹn ju 10.75 lọ fíìfíì. Àmọ́ olóko tí kò ka imú kò lè mọ iye iṣu tó kù.

Àwọn kan á ní ká máa kó owó pọ̀ ránṣẹ́ lẹ́ẹ̀kan. Nígbà míì, òótọ́ ni: 2,000 lẹ́ẹ̀mejì, 21.50, 4,000 lẹ́ẹ̀kan, 10.75. Ṣùgbọ́n 4,500 lẹ́ẹ̀mejì, 21.50 náà ni, 9,000 lẹ́ẹ̀kan sì di 26.88. Ẹ ṣírò tiyín kí ẹ tó tẹ̀ ẹ́.