Kí Shaihu Umar Má Pamọ́ fún Wa

Ní ọdún 1976, Adamu Halilu fi èdè Haúsá ṣe sinimá Shaihu Umar, láti inú ìwé ìtàn tí Abubakar Tafawa Balewa kọ, ẹni tí ó di Olórí Ìjọba àkọ́kọ́ ní Nàìjíríà. Ìtàn ọmọdékùnrin kan ni, tí a jí gbé kúrò lọ́wọ́ ìyá rẹ̀, tí a sì mú lẹ́rú títí dé ilẹ̀ Íjíbítì. Ìyá náà kò jókòó. Ó la aṣálẹ̀ kọjá láti wá ọmọ rẹ̀. Ẹ̀yin ará wa tí ẹ ń gbé ní Kánò, Jọ́ọ̀sì àti Kàdúná lè ti gbọ́ ọ lẹ́nu àwọn aládùúgbò yín.

Fún ọ̀pọ̀ ọdún, a rò pé sinimá náà ti ṣègbé. Ní 2016 ni a tún rí i ní ilé ìpamọ́ fíìmù ti Ìjọba Àpapọ̀ ní Jọ́ọ̀sì. Ilé iṣẹ́ Arsenal ní ìlú Berlin bá wa tún un ṣe, a fi ẹ̀rọ kọ̀ǹpútà dà á kọ, a sì fi í han ayé ní Berlin ní 2018.

Inú wa dùn, ṣùgbọ́n kò dùn tán. Kò yẹ kí ó rọrùn fún ará Berlin ju ará Zaria lọ láti wo ìtàn Haúsá.

Ọ̀rọ̀ yìí kan àwa Yorùbá gbọ̀ngbọ̀n. Ní 1976 kan náà ni Ọlá Balógun ṣe Àjàní Ògún, nínú èyí tí Dúró Ládípọ̀ ti kópa. Ládípọ̀ papò dà ní 1978. Bí ọmọ wa tí a bí sí Jọ́ọ̀sì bá béèrè irú ènìyàn tí ó jẹ́, kí ni a ó fi hàn án?

Fíìmù kì í ṣe irin. Bí ooru àti ọ̀rinrin bá mú un, a máa rùn bí ọtí kíkan, a sì máa sún kì títí ẹ̀rọ kò fi ní lè gbé e mọ́. Nítorí náà, kí Ìjọba kọ́kọ́ gbé orúkọ gbogbo fíìmù tí ó wà ní ìpamọ́ sórí íntánẹ́ẹ̀tì, pẹ̀lú ọdún rẹ̀, èdè rẹ̀ àti ipò tí ó wà. Èyí kò gba owó ńlá. Lẹ́yìn náà, kí èyí tí a bá ti tún ṣe di wíwò fún gbogbo ènìyàn.

Ẹ̀yin tí agolo fíìmù àtijọ́ sì wà nílé yín, ẹ gbé e kúrò lábẹ́ páànù gbígbóná lónìí.