Evans àti Fídíò Ọlọ́pàá

Ẹ rántí fídíò Evans lóṣù kẹfà ọdún 2017? Ọlọ́pàá gbé e síwájú oníròyìn, ó ń jẹ́wọ́ ìjínigbé, àwa náà sì dá a lẹ́bi lórí WhatsApp. Oṣù kejì ọdún 2022 ni Adájọ́ Hakeem Oshodi tó dá a lẹ́bi n'Íkẹjà.

"Ṣebí òun náà ló ṣe é?" Ẹ gbọ́ ná. Ní Prince George's níbí, lọ́dún 1999, ọlọ́pàá dá ọkùnrin kan dúró ju wákàtí 38 lọ, wọ́n ní ó jẹ́wọ́ pé òun pa ìyàwó òun. Ó lé ní oṣù 8 tó fi wà látìmọ́lé kí DNA tó tú u sílẹ̀. Kóòtù Upper Marlboro ní kí wọ́n sanwó fún un.

Láti ọdún 2021 ni òfin Èkó ti ní kí ọlọ́pàá má ṣàfihàn afurasí mọ́. Ta ló wá rán àwa níṣẹ́ fídíò àárọ̀ yìí?